Ṣé ayé kan ni igbó Fágúnwà, àbí àlọ́ tí wọ́n so pọ̀?

Ìbéèrè: Ẹ kú iṣẹ́ mà. Mò ń kàwé fún oyè kejì nínú lítíréṣọ̀ níbí ní ìlú Leeds. Ọ̀rẹ́ mi kan tó ń ṣe ìwádìí lórí Tolkien, òǹkọ̀wé Gẹ̀ẹ́sì tó kọ The Lord of the Rings, sọ fún mi pé ayé tí Tolkien dá ní máàpù, ó ní ìtàn ẹgbẹẹgbẹ̀rún ọdún, ó sì ní èdè tirẹ̀. Ó ní ti D. O. Fágúnwà, òǹkọ̀wé ìtàn àròsọ Yorùbá wa, kò ní ọ̀kankan nínú wọn, pé àlọ́ àtijọ́ lásán ni, tí wọ́n fi ìwàásù so pọ̀, àti pé inú The Pilgrim's Progress, ìwé John Bunyan, oníwàásù Gẹ̀ẹ́sì ayé àtijọ́, ló ti rí àwọn ẹni inú ìtàn tó ń jẹ́ orúkọ ìwà wọn. Ọ̀rọ̀ náà dùn mí, ṣùgbọ́n mi ò rí èsì fọ̀. Kí ni àwọn olámèyítọ́ wí?

Ìdáhùn: Ọmọ mi, ó dára bí ọ̀rọ̀ náà ṣe dùn ọ́. Ọgbọ̀n ọdún ni mo fi kọ́ àwọn ọmọ ní lítíréṣọ̀ Yorùbá, mo sì ti gbọ́ irú ọ̀rọ̀ yìí lẹ́nu àwọn ọmọ tiwa gan-an, kì í ṣe lẹ́nu àlejò nìkan.

Ohun tí ọ̀rẹ́ rẹ sọ nípa Tolkien kì í ṣe irọ́. Onímọ̀ èdè ni ọkùnrin náà, ọ̀jọ̀gbọ́n ní Oxford. Èdè ló kọ́kọ́ ń dá, lẹ́yìn náà ló wá ilẹ̀ àti ènìyàn tí yóò máa sọ ọ́. The Hobbit jáde ní 1937, The Lord of the Rings tẹ̀ lé e ní 1954 àti 1955. Gbé ti Fágúnwà sí ẹ̀gbẹ́ rẹ̀: Ògbójú Ọdẹ nínú Igbó Irúnmalẹ̀ ní 1938, Igbó Olódùmarè àti Ìrèké Oníbùdó ní 1949, Ìrìnkèrindò nínú Igbó Elégbèje ní 1954, Àdììtú Olódùmarè ní 1961. Ìgbà kan náà ni wọ́n. Ní oṣù kẹta ọdún 1939, Tolkien lọ sọ̀rọ̀ ní Yunifásítì St Andrews ní Scotland lórí ìtàn iwin. Ó ní òǹkọ̀wé tó mọ iṣẹ́ rẹ̀ máa ń dá ayé kejì tí ọkàn òǹkàwé lè wọ̀, àti pé ohun tó bá sọ níbẹ̀ yóò jẹ́ òótọ́ níwọ̀n ìgbà tó bá ti bá òfin ayé náà mu. Ní àwọn ọdún yẹn náà, ilé ẹ̀kọ́ St. Andrew's ní Ọ̀yọ́ ni Fágúnwà ti ń ṣe olùkọ́. Orúkọ ẹni mímọ́ kan náà ló pa ibẹ̀ àti ibí pọ̀, kò sí nǹkan mìíràn níbẹ̀, ṣùgbọ́n ó máa ń wú mi lórí bí mo bá rántí rẹ̀.

Wo ohun tí Tolkien fúnra rẹ̀ wí dáadáa. Kò ní kí ayé ní máàpù. Ó ní kó ní òfin. Òṣùwọ̀n yẹn mo gbà, òun náà ni màá sì fi wọn igbó Fágúnwà. Igbó náà ní òfin tó le. Inú orúkọ ló wà, àti inú ẹnu. Ẹni tí kò bá gbọ́ èdè náà kò lè rí i, bí afọ́jú kò ṣe lè rí máàpù.

Jẹ́ kí n kọ́kọ́ kúrò lórí ọ̀rọ̀ ilẹ̀. Ayé Tolkien jìnnà sí wa, ìgbà láéláé ni, kò sì sí ẹni tó lè kúrò ní Oxford lówùúrọ̀ kó dé ibẹ̀ ní ìrọ̀lẹ́. Àkàrà-ògùn, ọdẹ tó jẹ́ akọni Ògbójú Ọdẹ, ní tirẹ̀, ẹsẹ̀ ló fi rìn wọ Igbó Irúnmalẹ̀. Ilé wà, oko etílé wà lẹ́yìn ilé, oko egàn wà lẹ́yìn ìyẹn, lẹ́yìn rẹ̀ ni igbó, lẹ́yìn igbó ni ìjù. Gbogbo ọmọ Yorùbá tó dàgbà ní abúlé mọ ètò yìí, ó sì mọ ibi tí wọ́n ti ní kí ọmọdé má kọjá. Kí ni a fẹ́ fi máàpù ṣe? Abíọ́lá Irele, olámèyítọ́, nínú àròkọ tó kọ ní 1975 lórí Fágúnwà, Tutùọlá àti Ṣóyínká, fi èyí hàn ju ẹnikẹ́ni lọ: pé nínú ìwé Fágúnwà, ayé ènìyàn àti ayé ẹbọra kò ní odi láàárín, ọ̀kan náà ni wọ́n, èkíní ń wọ inú èkejì. Ọdẹ ni ẹni tó ń gbé ààlà náà. Nítorí náà ni akọni Fágúnwà ṣe sábà máa ń jẹ́ ọdẹ, kì í ṣe ọba, kì í ṣe jagunjagun.

Mo fẹ́ fi kún ti Irele. Òkè-Igbó ni wọ́n bí Fágúnwà sí ní 1903, ìlú tí Dérìn Ológbẹ́nlá tẹ̀ dó ní ọ̀rúndún kọkàndínlógún, láàárín Ifẹ̀ àti Oǹdó, nínú igbó dídí. Pe orúkọ ìlú náà kí o gbọ́ ọ: òkè, igbó. Igbó Irúnmalẹ̀ àti Òkè Láńgbòdó nínú ìwé kìíní. Igbó Elégbèje àti Òkè Ìrònú nínú ìwé kẹrin. Orúkọ ìlú rẹ̀ ni ó pín sí méjì tó sì fi ṣe ọ̀nà tí àwọn ọdẹ rẹ̀ ń rìn, láti inú igbó lọ sí orí òkè. N kò rò pé èèṣì ni.

Ó kan orúkọ àwọn ẹni inú ìtàn wàyí, ibẹ̀ gan-an ni ọ̀rọ̀ Bunyan ti wọlé. Ó ti pẹ́ tí ìwé Bunyan wà lédè wa. David Hinderer, míṣọ́nnárì CMS (Church Missionary Society) tó gbé Ìbàdàn, ló túmọ̀ rẹ̀ ní ọ̀rúndún kọkàndínlógún, gbogbo ilé ẹ̀kọ́ ìjọ ló sì mọ Ìlọsíwájú Èrò Mímọ́. Fágúnwà kà á, kò sí àníàní. Ayọ̀ Bámgbóṣé, tó kọ odindi ìwé àkọ́kọ́ lórí àwọn ìtàn àròsọ Fágúnwà ní 1974, wá orírun wọn káàkiri: ó rí àlọ́ Yorùbá, ó rí Bíbélì, ó rí Bunyan. Iṣẹ́ ńlá ni ìwé yẹn, kò sí ẹni tó lè kọ̀wé lórí Fágúnwà kó má gbà á kọjá. Bámgbóṣé sì sọ pé àwọn ẹni inú ìtàn wọ̀nyí kì í yí padà, ohun tí orúkọ wọn bá wí ni wọ́n ń ṣe láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin.

Mo gbà pé wọn kì í yí padà. Ibi tí mo ti yà kúrò lẹ́yìn àwọn tó ń ka èyí sí àléébù ni pé wọ́n ń wo orúkọ bí ìwé tí wọ́n lẹ̀ mọ́ ìgò, pé Bunyan lẹ̀ ẹ́, Fágúnwà náà sì lẹ̀ ẹ́. Ṣé Bunyan ló kọ́ Yorùbá láti sọ ọmọ ní Málọmọ́? Ṣé òun ló kọ́ wa láti pe àbíkú ní Kòkúmọ́ àti Dúróoríkẹ́? Nínú ilé wa, orúkọ kì í ṣe àpèjúwe, àṣẹ ni. Ẹni tó sọ ọmọ rẹ̀ ní Málọmọ́ ń bá ẹnìkan jà. Kí o sì lọ wo ẹsẹ Ifá. Wándé Abímbọ́lá, ọ̀jọ̀gbọ́n nínú ìmọ̀ Ifá, ti fi hàn wá bí a ṣe ń to ẹsẹ Ifá: orúkọ babaláwo ló máa ń ṣíwájú, orúkọ náà sì máa ń jẹ́ odindi gbólóhùn, òwe tàbí àwòrán, tí ìtàn yóò wá ti inú rẹ̀ jáde. Ọ̀pọ̀ nínú ohun tí àwọn kan ń pè ní ọgbọ́n Bunyan ti wà lẹ́nu babaláwo kí a tó bí Bunyan. Ìwé Bunyan jẹ́ kí Fágúnwà mọ̀ pé a lè tẹ irú nǹkan bẹ́ẹ̀ sínú ìwé tí ìjọ yóò rà. Ohun tó fi kún inú rẹ̀, ilé ló ti mú un.

Mú Àgbákò. Abàmì ẹ̀dá ni, ojú mẹ́rìndínlógún yí orí rẹ̀ ká, òun sì ni Àkàrà-ògùn bá pàdé nígbà tó kọ́kọ́ wọ igbó. Ojú yẹn ni ọmọdé máa ń rántí. Ohun tí àgbàlagbà gbọ́ ni orúkọ. Bí ènìyàn bá jáde nílé láì ro ibi, tí ibi sì pàdé rẹ̀ lọ́nà, a ní ó ṣe àgbákò. Ọ̀rọ̀ ojoojúmọ́ ni, ìyá arúgbó máa ń fi gbàdúrà kí ọmọ tó lọ sí ìrìn àjò: a ò ní ṣe àgbákò o. Fágúnwà mú ọ̀rọ̀ àdúrà yẹn, ó fún un ní ojú, ó fún un ní ẹsẹ̀, ó dá a dúró sójú ọ̀nà. Láti ìgbà náà, bí mo bá gbọ́ àdúrà yẹn, mo mọ irú ẹni tí a ní ká má pàdé. Igbó náà kún fún irú ọ̀rọ̀ bẹ́ẹ̀ tó gbé ara wọ̀: Ẹ̀rù wà níbẹ̀, Ẹ̀gbin wà níbẹ̀, Wèrè-ọ̀run wà níbẹ̀, Àǹjọ̀nú-ìbẹ̀rù sì wà nínú Igbó Olódùmarè. Àwọn ọdẹ tí ọba rán lọ sí Láńgbòdó náà ń jẹ́ ohun tí wọn yóò fi kojú wọn: Ìmọ̀dóye, ọlọ́gbọ́n, àti Olóhùn-iyọ̀, olórin. Òfin igbó náà ni pé ohun tí o bá ń jẹ́ ni o lè ṣe, kò sì sí ẹni tó lè bọ́ orúkọ rẹ̀ sílẹ̀ sílé kó tó wọ̀ ọ́.

Ẹ̀rí tó dára jù lọ fún èyí wà lọ́dọ̀ ẹni tó túmọ̀ rẹ̀. Wọlé Ṣóyínká gbé Ògbójú Ọdẹ sí èdè Gẹ̀ẹ́sì ní 1968. Nígbà tó dé ọ̀dọ̀ àwọn iwin àti ẹbọra, kò rí ọ̀rọ̀ Gẹ̀ẹ́sì tó bá wọn mu, ló bá dá ọ̀rọ̀ tirẹ̀, ghommid àti dewild. Nínú ọ̀rọ̀ ìṣáájú rẹ̀, ó ṣàlàyé pé orúkọ àwọn ẹ̀dá wọ̀nyí máa ń dún bí ìwà wọn ní Yorùbá, àti pé ìró yẹn ló ń wá. Ní ti Àkàrà-ògùn, Compound-of-Spells ló pè é. Ó dára, ṣùgbọ́n níbo ni àkàrà wà? Oògùn tí wọ́n fi ṣe àkàrà, tí ènìyàn jẹ, tó di ẹ̀jẹ̀ àti ẹran ara rẹ̀, ìyẹn ni orúkọ náà wí. Bákan náà ni irúnmalẹ̀ tó di daemons. Mo gbà pé nítorí kí wọ́n má baà kà á sí èṣù inú Bíbélì ló ṣe lo ọ̀nà tí àwọn Gíríìkì fi ń kọ ọ́ láyé àtijọ́. Síbẹ̀, irúnmọlẹ̀ wa kò jẹ́ irú ẹ̀dá yẹn náà. Bí ògbóǹtagí bíi Ṣóyínká bá ní láti dá ọ̀rọ̀ tuntun kó tó lè gbé igbó kan kọjá sí èdè mìíràn, igbó náà ní èdè tirẹ̀. Sọ ìyẹn fún ọ̀rẹ́ rẹ.

Mo sọ pé òfin náà wà nínú ẹnu pẹ̀lú. Olówó-ayé, bàbá Àkàrà-ògùn, ni akọni Igbó Olódùmarè. Nígbà tó pàdé abàmì ẹ̀dá kan tó ń jẹ́ Èṣù-kékeré-òde, wọn kò kọ́kọ́ fi ọwọ́ kan ara wọn. Ẹnu ni wọ́n fi bẹ̀rẹ̀. Èyí wí, ó kà, ó halẹ̀. Ìyẹn náà dáhùn, ó ro ara rẹ̀, ó sọ ẹni tó bí i àti ohun tó lè ṣe. Ẹni tó bá ń ka ibẹ̀ kíákíá kó lè dé ibi ìjà kò mọ̀ pé inú ìjà ló wà. Nínú ọfọ̀, ẹni tó mọ orúkọ nǹkan àti orírun rẹ̀ ló ní agbára lórí rẹ̀. Nínú ìjálá, ọdẹ a máa pe oríkì ẹranko tí òun fẹ́ pa. Fágúnwà kó àwọn méjèèjì wọ inú ìtàn àròsọ, ó fi ọ̀rọ̀ ṣe ohun ìjà. Nítorí náà ni ó fi ń to ọ̀rọ̀ lé ọ̀rọ̀, tí ó ń wí tí ó ń tún un wí. Àwọn kan ti sọ pé ọ̀rọ̀ ti pọ̀ jù. Ka irú ojú ewé bẹ́ẹ̀ sókè, kí o má fi ojú kà á, wàá sì gbọ́ ìdí tó fi pọ̀.

Ìwàásù ńkọ́? Ìwàásù wà, n kò ní bò ó. Bámgbóṣé rí i, gbogbo olámèyítọ́ ló rí i. Ibì kan wà tí akọni yóò wà nínú ewu, tí òǹkọ̀wé yóò sì dá wa dúró láti bá àwọn òbí sọ̀rọ̀ lórí ọmọ títọ́. Ó máa ń rẹ̀ mí níbẹ̀, ó sì máa ń rẹ àwọn ọmọ kíláàsì mi. Ṣùgbọ́n yọ Ìràgbèje kúrò nínú ẹjọ́ yìí. Nígbà tí àwọn ọdẹ jìyà títí tí wọ́n fi dé Láńgbòdó, ọ̀dọ̀ Ìràgbèje, onílé olójúlé méje, ni wọ́n ní kí wọ́n lọ, ó sì fi ọjọ́ méje kọ́ wọn. Àwọn tó ń wá wúrà máa ń ṣí ojú ewé wọ̀nyẹn kọjá. Wúrà náà nìyẹn. Ọba kan rán akọni méje lọ sí ibi tí ẹni tó ń lọ kì í sábà bọ̀, ohun tí wọ́n sì rí níbẹ̀ jẹ́ ọ̀rọ̀. Nínú ayé tí ọ̀rọ̀ ti jẹ́ ohun ìjà, kí ló tún lè jẹ́ ìṣúra?

Ọ̀nà tí wọ́n fi sọ ìtàn náà pàápàá bá òfin yìí mu. Kì í ṣe Fágúnwà ló rin ìrìn àjò náà. Arúgbó kan ló wá bá akọ̀wé, ó ní kó mú ìwé àti kálàmù, kó máa kọ ohun tí òun bá wí. Nígbà tí ìtàn ń lọ, ìròyìn tàn, àwọn ènìyàn bẹ̀rẹ̀ sí í péjọ láti gbọ́. Nítorí náà, ìwé náà jẹ́ ìwé, ó sì tún jẹ́ agbo. Inú agbo ni ìwàásù ti bá ara mu, torí kò sí àgbàlagbà tó máa pàlọ́ fún ọmọ kó má bi í léèrè ohun tó rí kọ́.

Wọ́n tún máa ń bi mí bóyá Kristẹni ló kọ igbó yìí tàbí ẹlẹ́sìn ìbílẹ̀. Ulli Beier, olámèyítọ́ ará Jámánì, ti kọ̀wé lórí rẹ̀ nínú ìwé àtìgbàdégbà Black Orpheus ní 1965, ọ̀pọ̀ ló sì ti tẹ̀ lé e, àwọn kan ń fà á síbí, àwọn kan ń fà á sọ́hùn-ún. Inú ilé onígbàgbọ́ ni wọ́n ti tọ́ ọ, CMS ló tẹ ìwé rẹ̀ àkọ́kọ́. Ó ń jẹ́ Daniel, ó ń jẹ́ Ọlọ́runfẹ́mi, ó sì ń jẹ́ Fágúnwà, tí Ifá wà nínú rẹ̀. Ọkùnrin kan ṣoṣo ló ń jẹ́ gbogbo rẹ̀, D. O. Fágúnwà ló sì kọ sẹ́yìn ìwé.

Ibi tí n kò ní gbèjà rẹ̀ ni ọ̀rọ̀ obìnrin. Àjẹ́ ni ìyá Àkàrà-ògùn. Kàkó, ọ̀kan nínú àwọn ọdẹ náà, pa obìnrin tó dì mọ́ ọn pé kó má lọ sí Láńgbòdó, ìtàn sì ń bá tirẹ̀ lọ bí ẹni pé igi ló ṣubú sọ́nà. Mo ti ka ibẹ̀ fún àwọn ọmọbìnrin kíláàsì mi ní ọ̀pọ̀ ìgbà, mo sì rí ojú wọn. Ìrànlọ́wọ́ wà, lóòótọ́, obìnrin tó gba Àkàrà-ògùn lọ́wọ́ ìyà, ṣùgbọ́n wo orúkọ rẹ̀: ìrànlọ́wọ́ fún ọkùnrin ni. Òfin orúkọ tí mo ti ń yìn látàárọ̀ há obìnrin mọ́ ju ọkùnrin lọ. Bí o bá ń wá ohun tí wàá kọ ìwé oyè rẹ lé lórí, iṣẹ́ ṣì kù rẹpẹtẹ níbẹ̀.

Ní ti pé igbó náà jẹ́ ayé tó lè gba ẹlòmíràn, ìyẹn kò gba àríyànjiyàn. Amos Tutùọlá wọ̀ ọ́ lédè Gẹ̀ẹ́sì ní 1952 nínú The Palm-Wine Drinkard, ó sì rí ojúlé tirẹ̀ níbẹ̀. Wálé Ògúnyẹmí sọ ìrìn àjò Láńgbòdó di eré orí ìtàgé, òun ni Nàìjíríà sì gbé lọ sí FESTAC, àjọ̀dún àṣà àwọn ènìyàn dúdú, ní 1977. Fágúnwà kú ní 1963. Nígbà tó pé àádọ́ta ọdún, ní 2013, àwọn ọ̀mọ̀wé láti ilé àti òkèèrè péjọ ní Àkúrẹ́ nítorí rẹ̀.

Ohun tí màá fẹ́ kí o ṣe nìyí. Ọ̀kan nínú àwọn tó mọ Tolkien jù, Tom Shippey, kọ̀wé ní 1982 láti fi hàn pé inú ọ̀rọ̀ àtijọ́ ni ayé Tolkien ti hù jáde, pé ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo a máa bí odindi ẹ̀dá. Ọ̀rẹ́ rẹ yóò ti kà á. Bá a jókòó, ṣí Igbó Olódùmarè sí ibi tí Olówó-ayé àti Èṣù-kékeré-òde ti ń sọ̀rọ̀ sí ara wọn, kí o kà á sókè ní Yorùbá láì túmọ̀ ohunkóhun, kó lè gbọ́ ìró rẹ̀. Lẹ́yìn náà, kí ẹ jọ ka ìtumọ̀ tí Ṣóyínká ṣe ní 2010. Níbi tí o bá ti rí i pé Gẹ̀ẹ́sì náà dákẹ́, tí Yorùbá sì ń sọ̀rọ̀, fi bírò fa ìlà sí i. Fi àwọn ìlà náà ránṣẹ́ sí mi, màá fẹ́ rí wọn.